Bíbélì Lárúbáwá: Orúkọ Ẹnì Kan Ló Ń Jẹ́, Ọwọ́ Púpọ̀ Ló Ṣe É

Nínú ṣọ́ọ̀ṣì wa, wòlíì á gbàdúrà, àlùfáà á ṣe ìwàásù, a ó ṣe àmín, a ó sì gba ilé lọ. Ta ló ń rántí pé ọ̀dọ̀ àwọn mùsùlùmí la ti gbọ́ àwọn ọ̀rọ̀ yẹn? Inú èdè Lárúbáwá ni àdúrà ti wá, ibẹ̀ náà ni wàásù ti wá. Wòlíì gan-an, Lárúbáwá ni, àfi pé ìtumọ̀ rẹ̀ yí padà lọ́dọ̀ wa. Ẹni tó sún mọ́ Ọlọ́run, ọ̀rẹ́ Ọlọ́run, ni wọ́n ń pè ní walī níbẹ̀. Ẹni tí àwa ń pè ní wòlíì, nabī ni wọ́n ń pè é, ìyẹn ànábì tí àwọn mùsùlùmí ilẹ̀ wa ń pè. Nígbà tí Àjàyí Crowther àtàwọn tó bá a ṣiṣẹ́ fẹ́ kọ Bíbélì ní Yorùbá, wọ́n bá àwọn ọ̀rọ̀ yìí lẹ́nu ará ìlú, wọ́n sì mú wọn lò.

Ohun tó jẹ́ kí n gba ibẹ̀ wọlé ni pé ọ̀pọ̀ wa ló gbà pé Kùránì nìkan ló ni èdè Lárúbáwá, pé Bíbélì ò bá a tan rárá. Ó bá a tan o. Àwọn ará Arébíà wà lára àwọn tó gbọ́ iṣẹ́ ńlá Ọlọ́run ní èdè wọn lọ́jọ́ Pẹ́ńtíkọ́sì, ó wà nínú Ìṣe Àwọn Àpọ́sítélì orí kejì. Pọ́ọ̀lù fúnra rẹ̀ sọ fún àwọn ará Gálátíà pé Arébíà lòun kọ́kọ́ gbà lọ lẹ́yìn tí Olúwa pe òun. Nígbà tí ẹ̀sìn Ìsìláàmù sì ti gbilẹ̀, tí Lárúbáwá di èdè ọjà àti èdè ìjọba láti Síríà dé Íjíbítì, Lárúbáwá ni ọ̀pọ̀ Kristẹni àti Júù tó wà níbẹ̀ wá ń fi tọ́ ọmọ wọn. Ní 867, Kristẹni kan tó ń jẹ́ Bishr ibn al-Sirri túmọ̀ àwọn lẹ́tà Pọ́ọ̀lù sí Lárúbáwá ní Damásíkù. Ìwé ọ̀hún ṣì wà lónìí nílé àwọn mọ́ńkì lẹ́sẹ̀ Òkè Sínáì. Kò pẹ́ sígbà náà ni Saadia Gaon, ọmọ Júù láti Íjíbítì tó kú ní 942, túmọ̀ ìwé márùn-ún ti Mósè fún àwọn ènìyàn rẹ̀.

Èyí tó wù mí jù nínú àwọn ìwé àtijọ́ náà ni àjákù awọ kan tí wọ́n rí nínú mọ́sáláṣí ńlá Damásíkù ní ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀rúndún ogún. Sáàmù 78 ni. Gíríìkì wà lápá kan, Lárúbáwá wà lápá kejì, ṣùgbọ́n lẹ́tà Gíríìkì ni wọ́n fi kọ Lárúbáwá ọ̀hún. Ńṣe ló dà bí ìgbà tí àwọn ààfáà àtijọ́ ń fi lẹ́tà Lárúbáwá kọ Yorùbá, tí a wá dojú rẹ̀ délẹ̀.

Síbẹ̀, kò sí ọ̀kan nínú ìwọ̀nyẹn tó jẹ́ Bíbélì tí Kristẹni Lárúbáwá tó pọ̀ jù ń gbé lọ sílé ìjọsìn lónìí. Beirut ní Lẹ́bánónì ni wọ́n ti ṣe ìyẹn, Van Dyck sì ni wọ́n ń pè é.

Lẹ́tà ló kọ́kọ́ di wàhálà. Ẹni tó bá ti jókòó nílé kéwú rí mọ̀ pé lẹ́tà bá'ù tó wà níbẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀ kò jọ èyí tó wà láàárín, èyí tó wà níparí sì tún yàtọ̀ sí èyí tó dá dúró. Fi àmì òkè àti àmì ìsàlẹ̀ kún un, kí o wá fi irin rọ gbogbo rẹ̀ fún ẹ̀rọ ìtẹ̀wé! Àwọn ajíyìnrere Amẹ́ríkà ti gbé ẹ̀rọ ìtẹ̀wé wọn láti Málítà wá sí Beirut ní 1834, ṣùgbọ́n lẹ́tà tó wà lára rẹ̀ kò dára lójú ẹni tó mọ ìwé. Eli Smith, tó jẹ́ olórí iṣẹ́ náà, wá ń kó àpẹẹrẹ lẹ́tà jọ lọ́dọ̀ àwọn tó mọ ọ̀nà ìkọ̀wé. Ní 1836, òun àti ìyàwó rẹ̀ Sarah wọ ọkọ̀ ojú omi lọ sí Smyrna ní ilẹ̀ Tọ́kì. Ọkọ̀ náà fọ́, àwọn àpẹẹrẹ lẹ́tà bá omi lọ, ìyàwó sì kú ní Smyrna lọ́dún náà. Smith tún bẹ̀rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀. Leipzig ní Jámánì ni wọ́n ti wá rọ lẹ́tà náà nígbẹ̀yìn.

Ìtumọ̀ gan-an bẹ̀rẹ̀ ní nǹkan bí 1848. Mẹ́ta ni wọ́n. Butrus al-Bustani, ọmọ ilẹ̀ náà tó gbọ́ oríṣiríṣi èdè, ló ń kọ́kọ́ túmọ̀. Yóò gbé e fún Nasif al-Yaziji, ọ̀mọ̀wé nínú èdè Lárúbáwá. Yaziji kò gbọ́ èdè kankan lẹ́yìn Lárúbáwá, ìyẹn gan-an ló mú kó wúlò: gbólóhùn tó bá ti rùn bí Hébérù tàbí Gíríìkì, etí rẹ̀ kò ní gbà á. Smith á wá gbà á lọ́wọ́ rẹ̀, á fi wé ìwé ìpìlẹ̀, á rí i pé adùn kò ti gbé òótọ́ lọ. Ọdún mẹ́sàn-án ni wọ́n fi ń gbé e láti ọwọ́ dé ọwọ́ báyìí. Nígbà tí àìsàn dá Smith dùbúlẹ̀, ó ní èyí tí àwọn ti tẹ̀ jáde nìkan lòun máa dáhùn fún. Kò sì ju Jẹ́nẹ́sísì, púpọ̀ nínú Ẹ́kísódù àti orí 16 àkọ́kọ́ nínú Mátíù lọ. Ó kú ní oṣù kìíní 1857.

Cornelius Van Dyck ni wọ́n fà á lé lọ́wọ́. Dókítà oníṣègùn ni, ọmọ Kinderhook ní ìpínlẹ̀ New York, ó sì ti ń gbé ilẹ̀ náà láti 1840. Májẹ̀mú Tuntun tó bá nílẹ̀, àfi kó fẹ́rẹ̀ẹ́ tún un ṣe látòkè délẹ̀, torí kì í ṣe ìwé Gíríìkì tí Smith tẹ̀ lé ni àwọn tó ń náwó sí iṣẹ́ náà fẹ́. Ẹni tó wá mú jókòó tì í láti máa yẹ èdè náà wò, mùsùlùmí ni: Sheikh Yusuf al-Asir, ọmọ Sídónì tó kàwé ní al-Azhar, ilé ẹ̀kọ́ ńlá àwọn mùsùlùmí ní Káírò. Ààfáà ló tún gírámà Bíbélì ṣe. Ibi tí mo ti kọ́kọ́ kà á, ẹ̀ẹ̀mejì ni mo kà á.

Májẹ̀mú Tuntun jáde ní 1860. Wọ́n parí ìtumọ̀ gbogbo rẹ̀ ní oṣù kẹjọ 1864, lọ́dún kan náà tí wọ́n fi Crowther jẹ bíṣọ́ọ̀bù ní Canterbury, wọ́n sì tẹ̀ ẹ́ tán ní oṣù kẹta 1865. Ẹsẹ̀ kìíní kà báyìí: *Fī al-badʾi khalaqa Allāhu as-samāwāti wa-l-arḍ.* Allāhu wà níbẹ̀ gbangba, torí orúkọ tí Kristẹni ibẹ̀ náà ń fi pe Ọlọ́run nìyẹn. Ẹni tó bá sì tẹ́tí sí *samāwāti* dáadáa, á gbọ́ sánmà tiwa nínú rẹ̀.

Ìdí tí orúkọ Van Dyck nìkan fi dúró, èmi ò mọ ìdájọ́ òdodo tó wà nínú ìyẹn. Òun ló parí rẹ̀, lóòótọ́. Àmọ́ bí Bustani kò bá túmọ̀, tí Yaziji kò sì fọ̀ ọ́ mọ́, kí ni ì bá parí? Bustani kò tilẹ̀ dúró de ọpẹ́: ó dá ilé ìwé sílẹ̀ ní 1863, ó ṣe ìwé atúmọ̀ èdè ńlá, ó sì bẹ̀rẹ̀ ìwé ìmọ̀ gbogbo ní Lárúbáwá ní 1876.

Ọdún yẹn kan náà ni àwọn Jesuit, ìyẹn àwọn Kátólíìkì tó wà ní Beirut, bẹ̀rẹ̀ sí í tẹ Bíbélì Lárúbáwá tiwọn, nítorí wọn kò fẹ́ kí ọmọ ìjọ wọn máa ka ti àwọn Amẹ́ríkà. Àwọn náà wá ẹni tí yóò bá wọn tún èdè rẹ̀ ṣe. Ẹni tí wọ́n rí ni Ibrahim al-Yaziji, ọmọ Nasif.