Ọmọ Àjàṣẹ́ Ló Kọ́kọ́ Kọjú Kámẹ́rà sí Paris

Bí ọ̀rọ̀ sinimá ilẹ̀ Adúláwọ̀ bá ti délẹ̀, Sembène Ousmane ará Sẹ̀nẹ̀gàl ni wọ́n máa ń pè ní bàbá rẹ̀. Mi ò bá a du oyè. Ṣùgbọ́n ọdún 1963 ni fíìmù àkọ́kọ́ tirẹ̀ tí gbogbo ayé mọ̀ jáde. Ó ti tó ọdún mẹ́jọ nígbà náà tí Paulin Soumanou Vieyra, ọmọ bíbí Àjàṣẹ́, ti ya ìgbésí ayé àwọn aláwọ̀ dúdú bí ó ti rí gan-an. Ọ̀dọ̀ tirẹ̀ ló yẹ kí ìtàn náà ti máa bẹ̀rẹ̀.

Àjàṣẹ́ yìí ni ìwé ìjọba ń pè ní Porto-Novo, ní orílẹ̀-èdè Bẹ̀nẹ̀. Ibẹ̀ ni wọ́n bí i sí ní ọjọ́ 31, oṣù Kìíní, ọdún 1925. Orúkọ Àgùdà ni Vieyra, orúkọ àwọn tí wọ́n kó lẹ́rú lọ sí Bùràsíìlì tí wọ́n sì tún tọ ipa omi padà wálé. Mọ́sáláṣí ńlá tí àwọn Àgùdà kọ́ sí ìlú náà ṣì wà, bí wọ́n sì ṣe ń kọ́ ṣọ́ọ̀ṣì ní Bahia ni wọ́n ṣe kọ́ ọ, pẹ̀lú àwọ̀ mèremère lára ògiri. Bí oṣù Kìíní bá dé, wọn a ṣe ọdún Bonfim, eégún wọn tí ń jẹ́ Buriyan a sì jáde. Ọmọ ọdún 10 péré ni Vieyra nígbà tí wọ́n rán an lọ sí ilé ẹ̀kọ́ ní Faransé, àmọ́ èrò tèmi ni pé ó ti rí ohun tó tó rí. Ọmọ tó bá dàgbà níbi tí ìtàn ìfiniṣẹrú ti wà lára ògiri àti lára aṣọ eégún, tí kò sì sí nínú ìwé òyìnbó, kò lè ṣàìmọ̀ pé ẹlòmíràn ló ń sọ ìtàn òun fún òun.

Ó wọ IDHEC, ilé ẹ̀kọ́ gíga àwọn onísinimá ní Paris, òun sì ni ọmọ ilẹ̀ Adúláwọ̀ àkọ́kọ́ tó kẹ́kọ̀ọ́ jáde níbẹ̀. Òfin kan dínà mọ́ ọn. Pierre Laval, mínísítà Faransé tó ń bójú tó àwọn ilẹ̀ amúnisìn, ló gbé e jáde ní 1934: ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ ya fíìmù tàbí gba ohùn sílẹ̀ níbẹ̀ láìgbàṣẹ lọ́wọ́ gómìnà. Òyìnbó Faransé pọ́nńbélé ni René Vautier, síbẹ̀ nígbà tó ya ìwà ìkà àwọn amúnisìn ní 1950, wọ́n sọ ọ́ sẹ́wọ̀n, wọ́n sì gbẹ́sẹ̀ lé fíìmù rẹ̀ fún ohun tó lé ní 40 ọdún.

Vieyra àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀, Mamadou Sarr, Jacques Mélo Kane àti Robert Caristan, tọrọ àyè láti ya fíìmù nílé, ní ilẹ̀ Adúláwọ̀. Wọn ò gbà fún wọn. Ni wọ́n bá kọjú kámẹ́rà sí Paris fúnra rẹ̀, wọ́n sì gbé Afrique-sur-Seine jáde ní 1955. Ìṣẹ́jú 21 ni. Àwọn ọmọdé tó ń ṣeré nínú odò nílé ló fi bẹ̀rẹ̀. Lẹ́yìn náà ló já sí Paris, níbi tí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ti jókòó sílé kọfí, tí aláwọ̀ dúdú sì wà tó ń gbálẹ̀ títì. Ohùn kan ló ń sọ̀rọ̀ lórí àwòrán náà. Ìgbà láéláé ni òyìnbó ti ń wá wò wá, tó ń yà wá; lọ́jọ́ yẹn, àwa náà wo òyìnbó nílé rẹ̀.

Àwọn kan a máa dárúkọ fíìmù kúkúrú Mamadou Touré ará Gínì, ti 1953, pé òun ló ṣáájú, àwọn mìíràn a sì ní Tùnísíà ló ti bẹ̀rẹ̀. Ẹ jẹ́ kí wọ́n máa wí. Kò sí èyí tó dá agbo sílẹ̀ bíi ti Vieyra.

Vieyra lọ sí Dakar, ó ṣe olórí àwọn tó ń ya fíìmù ìròyìn fún ìjọba Sẹ̀nẹ̀gàl, ó ya fíìmù òmìnira ní 1961 àti ti ìjàkadì ní 1963, ó wà lára àwọn tó dá ẹgbẹ́ àwọn onísinimá ilẹ̀ Adúláwọ̀, FEPACI, sílẹ̀, ó sì kọ ìtàn sinimá wa sínú ìwé ní 1975. Sembène pàápàá, Vieyra ló kọ ìwé nípa rẹ̀ ní 1972, òun náà ló sì bójú tó ètò iṣẹ́ nígbà tí Sembène ń ya fíìmù Xala àti Ceddo. Paris ni Vieyra kú sí, ní oṣù Kọkànlá ọdún 1987.