Inú àjàkálẹ̀ àrùn ni Aládùúrà ti jáde wá

Ọ̀rọ̀ kan wà tó máa ń dùn mí dénú tí mo bá gbọ́ ọ, pé Aládùúrà kì í ṣe Krìstẹ́nì gidi, pé nǹkan ìbílẹ̀ ni wọ́n wọ̀ láṣọ funfun. Ẹ jọ̀ọ́, inú ṣọ́ọ̀ṣì Áńgílíkà gan-an ló ti bẹ̀rẹ̀ o, ọmọ ìjọ làwọn tó bẹ̀rẹ̀ ẹ̀, wọn ò sì sọ pé àwọn fẹ́ dá ìjọ sílẹ̀, àdúrà ni wọ́n ń gbà torí pé ikú ti wọ ìlú.

Ọdún 1918 ni. Àrùn flú tó ń pa èèyàn káàkiri ayé nígbà yẹn bá ọkọ̀ ojú omi wọ Èkó lóṣù September, kò sì pẹ́ tó fi dé Ìjẹ̀bú-Òde. Wọ́n ní kí wọ́n ti ṣọ́ọ̀ṣì, kí wọ́n ti ilé ìwé, káwọn èèyàn má bàa kó o ran ara wọn, dókítà ò tó, oògùn ò ràn án. Ẹ ro ó wò ná, ìgbà tó yẹ kéèyàn sá lọ sílé Ọlọ́run ni wọ́n ti ilẹ̀kùn ẹ̀ pa. Làwọn kan ní St. Saviour's Ìjẹ̀bú-Òde bá ń kóra jọ gbàdúrà, Joseph Shadare ni aṣáájú wọn, ọ̀dọ́bìnrin kan tó jẹ́ tíṣà, Sophia Odunlami, sì wà láàárín wọn, òun ló ní Ẹ̀mí sọ fóun pé kí wọ́n máa lo omi òjò pẹ̀lú àdúrà, ara wọn á yá. Ẹgbẹ́ Òkúta Iyebíye ni wọ́n pe ara wọn.

Bíbélì Yorùbá ti wà lódidi látọdún 1884, wọ́n ń kà á fúnra wọn, wọ́n sì rí i nínú ìwé Jákọ́bù pé àdúrà ìgbàgbọ́ yóò gba aláìsàn là. Wọ́n gba ọ̀rọ̀ yẹn bó ṣe wà. Wọ́n lẹ́nì kan ò gbọdọ̀ fẹnu kan oògùn mọ́, ti òyìnbó àti ti ìbílẹ̀, wọ́n tún ní ìrìbọmi ọmọ ọwọ́ ò sí nínú ìwé. Ibẹ̀ lọ̀rọ̀ ti di wàhálà, nígbà tó máa fi di 1922 wọ́n ti kúrò ní Áńgílíkà, wọ́n wá dara pọ̀ mọ́ ìjọ Faith Tabernacle ti Philadelphia l'Amẹ́ríkà, lẹ́tà àti ìwé ìròyìn lásán ló so wọ́n pọ̀.

L'Èkó, ibòmíì ni ti ìjọ Kérúbù àti Séráfù gbà wá. Ní June 1925 àwọn Àgùdà ń ṣe ọdún Corpus Christi, ọmọdébìnrin kan tó ń jẹ́ Christiana Abiodun Akinsowon lọ wòran, ó ní òun rí áńgẹ́lì, nígbà tó délé ló bá wọ ìran lọ, kò mọ ayé mọ́. Moses Orimolade ọmọ Ìkàrẹ́ ni wọ́n lọ bá, tí gbogbo Èkó ti ń pè ní Bàbá Aládùúrà, ó gbàdúrà, ọmọ náà jí. Bí Séráfù ṣe bẹ̀rẹ̀ lóṣù September ọdún yẹn nìyẹn, Kérúbù wá kún un lẹ́yìn náà. Ó dùn mí pé ní 1929 àwọn méjèèjì ti pínyà.

Joseph Ayo Babalola ní tiẹ̀, awakọ̀ katakata tí wọ́n fi ń ṣe títì ni, ó ní Ọlọ́run pe òun lójú iṣẹ́ lẹ́bàá Ìkéjì-Arákéjì ní 1928. Ìsọjí tó ṣe l'Òkè-Ooyè, Iléṣà, ní July 1930, ìlú ló ń dà gììrì lọ síbẹ̀, wọ́n ń gbé omi wá kó gbàdúrà sí i. Òun àtàwọn ará Faith Tabernacle pe àwọn òyìnbó Apostolic Church láti Britain wá, ṣùgbọ́n àwọn òyìnbó ń lo oògùn kunín nítorí ibà, àwọn tiwa ní kí ló wá kù nínú ìgbàgbọ́ yẹn, wọ́n bá pínyà. Àwọn tó ya kúrò ló di CAC, ìyẹn Christ Apostolic Church, tí wọ́n fi orúkọ ẹ̀ sílẹ̀ lọ́dọ̀ ìjọba ní 1943. Isaac Akinyele tó jẹ́ ọ̀kan nínú àwọn àgbà wọn ló jẹ Olúbàdàn ní 1955.

Sẹ̀lẹ́, ìyẹn Celestial Church of Christ, ló dé kẹ́yìn, Àjàṣẹ́ (Porto-Novo) ní ilẹ̀ Benin ló ti bẹ̀rẹ̀ ní 1947, Samuel Oshoffa, káfíńtà tí ìyá ẹ̀ jẹ́ ará Ìmẹ̀kọ, ló dá a sílẹ̀.

Ẹ má jẹ́ kí aṣọ tàn yín o. CAC ò wọ sùtánà, aṣọ funfun gígùn yẹn, Sẹ̀lẹ́ ń bọ́ bàtà, síbẹ̀ gbogbo wọn ló gbà pé Ọlọ́run kan ni Baba, Ọmọ àti Ẹ̀mí Mímọ́, pé Jésù kú, ó jí dìde, ó ń padà bọ̀. Ohun tí wọ́n fi kún un ni pé Ọlọ́run yẹn ṣì ń sọ̀rọ̀ lójú àlá àti ìran, ó ṣì ń wo aláìsàn sàn. Títí dòní, ẹ wọ ilé àdúrà wọn lọ́jọ́ ìwòsàn, ẹ máa rí ike omi tó tò lọ níwájú, wòlíì dúró tì í, ó ń pe Sáàmù.