Powerball Kan, Ọjọ́ Orí Mẹ́ta

Ibì kan wà nílẹ̀ Amẹ́ríkà tí odò Missouri àti odò Big Sioux ti pàdé. Ìlú mẹ́ta ló yí ibẹ̀ ká, orúkọ wọn sì jọra bí ọmọ ìyá: Sioux City wà ní ìpínlẹ̀ Iowa, South Sioux City wà ní Nebraska, North Sioux City wà ní South Dakota. Ẹni ọdún 18 tó bá wọ ṣọ́ọ̀bù ní North Sioux City lè ra tíkẹ́ẹ̀tì Powerball, eré lọ́tìrì tí ọ̀pọ̀ ìpínlẹ̀ jọ ń ta, láìsí wàhálà. Bó bá kọjá sí South Sioux City, ó di ọmọdé, nítorí ọdún 19 ni wọ́n ń béèrè níbẹ̀. Bó bá gba orí afárá bọ́ sí Sioux City, ó tún kéré sí i, ọdún 21 ni ti Iowa. Eré kan náà ni o. Nọ́ńbà kan náà, ẹ̀bùn kan náà, tí wọ́n ń fa nọ́ńbà rẹ̀ jáde ní Tallahassee ní Florida ní alẹ́ ọjọ́ Ajé, Ọjọ́rú àti Àbámẹ́ta.

Ìdí nìyí tí gbólóhùn kan fi máa ń bí ènìyàn nínú, èyí tí wọ́n máa ń sọ bí ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ti inú ìwé òfin jáde: “Ọdún méjìdínlógún ni òfin Amẹ́ríkà sọ.” Òfin Amẹ́ríkà wo? Ìjọba àpapọ̀ ní Washington kò yan ọjọ́ orí kankan fún ẹni tó fẹ́ ra lọ́tìrì. Àwọn mìíràn á ní Powerball fúnra rẹ̀ ló yàn án. Ìyẹn náà kò rí bẹ́ẹ̀. Àwọn àjọ lọ́tìrì ìpínlẹ̀ mélòó kan ló para pọ̀ dá ẹgbẹ́ kan sílẹ̀ lọ́dún 1987, ẹgbẹ́ náà ló ń bójú tó eré náà, ṣùgbọ́n ìpínlẹ̀ kọ̀ọ̀kan ló ń ta tíkẹ́ẹ̀tì lábẹ́ òfin tirẹ̀. Èyí tó pani lẹ́rìn-ín ni pé Iowa gan-an ni olú ilé iṣẹ́ ẹgbẹ́ náà wà. Ẹni ogún ọdún lè máa kọjá lẹ́nu ọ̀nà wọn lójoojúmọ́, kò sì ní lè ra Powerball ládùúgbò náà.

Ẹni tó bá fẹ́ kó yé òun, kó ro ti èèwọ̀. Agbo ilé mẹ́wàá lè wà nínú ìlú kan, kí wọ́n jọ máa ná ọjà kan, síbẹ̀ kí ilé kan má jẹ òkété, kí ilé kejì má jẹ ìgbín. Ọba kì í dá sí i. Àlejò tó bá wọ ilé kan, èèwọ̀ ilé tó wọ̀ ló ń pa mọ́ níbẹ̀. Bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́ ni ọmọ Iowa ẹni ọdún 18 tó dé South Dakota: òfin South Dakota ló bá a wí, ó sì lè rà. Àlejò láti orílẹ̀-èdè mìíràn náà lè rà, wọn kì í béèrè bóyá ọmọ onílẹ̀ ni. Ibi tí ẹsẹ̀ rẹ dúró sí àti ọdún tí wọ́n bí ọ ni wọ́n ń wò.

Ṣùgbọ́n ìyàwó ilé ńkọ́, tó ń pa èèwọ̀ ilé ọkọ mọ́, tí ti ilé bàbá rẹ̀ kò sì kúrò lọ́rùn rẹ̀? Níbẹ̀ ni àfiwé yìí ti já. Ilé márùn-ún ló wà tí eré náà látòkèdélẹ̀ jẹ́ èèwọ̀ fún: Alabama, Alaska, Hawaii, Nevada àti Utah. (Nevada o, ilé Las Vegas, tó kún fún ilé tẹ́tẹ́ tọ̀sán-tòru. Wọ́n ń ta gbogbo tẹ́tẹ́ yòókù, lọ́tìrì ìpínlẹ̀ ni wọn ò ní.) Ará Utah máa ń wakọ̀ lọ sí Idaho láti lọ ra tíkẹ́ẹ̀tì, òfin Utah kì í sì í bá wọn kọjá ààlà. Ti ìyàwó ilé kò rọrùn tó bẹ́ẹ̀.

Àwọn nọ́ńbà ọjọ́ orí náà kò le. Ìpínlẹ̀ 45 ló ní lọ́tìrì. Ọ̀pọ̀ jù lọ wọn fi ọjọ́ orí sí 18. Arizona, Iowa, Louisiana àti Mississippi fi í sí 21. Nebraska nìkan ló dúró sí 19, àwọn ènìyàn sì máa ń rò pé àṣìtẹ̀ ni. Kì í ṣe àṣìtẹ̀: ní Nebraska, ọdún 19 ni òfin fi ń ka ènìyàn sí àgbà. Mississippi náà bẹ́ẹ̀, ọdún 21 ni wọ́n fi ń di àgbà níbẹ̀, nígbà tí wọ́n sì bẹ̀rẹ̀ lọ́tìrì lọ́dún 2019, 21 náà ni wọ́n lò. Iowa ni kò ní irú àwíjàre yẹn. Ní Iowa, ẹni ọdún 18 lè dìbò, ó lè fẹ́ aya, ó lè wọ iṣẹ́ ológun, àmọ́ kò gbọdọ̀ ra tíkẹ́ẹ̀tì dọ́là méjì. Ilé kan náà tún lè ní ju èèwọ̀ kan lọ: South Dakota tó gba ẹni ọdún 18 láyè láti ra Powerball kò ní jẹ́ kó fọwọ́ kan ẹ̀rọ lọ́tìrì onífídíò àfi tó bá di 21.

Ipa ti ìjọba àpapọ̀ kò ju ti ojú ọ̀nà lọ. Lọ́dún 1895 wọ́n ṣòfin pé ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ máa kó tíkẹ́ẹ̀tì lọ́tìrì láti ìpínlẹ̀ kan lọ sí òmíràn, Ilé-ẹjọ́ Gíga Jù Lọ sì fọwọ́ sí òfin náà lọ́dún 1903 nínú ẹjọ́ Champion àti Ames. Ohun tó wà láàárín ìpínlẹ̀ sí ìpínlẹ̀ ni Washington dì mú. Ohun tó ń ṣẹlẹ̀ nínú ṣọ́ọ̀bù, ti onílé ni. Nígbà tí New Hampshire sì jí lọ́tìrì ìjọba dìde lọ́dún 1964, òun fúnra rẹ̀ ló kọ òfin tirẹ̀, àwọn yòókù sì tẹ̀ lé e lọ́kọ̀ọ̀kan.

Ibi tí ọ̀rọ̀ náà ti dùn nìyí: òfin fẹ́ mọ ọjọ́ orí ẹni tó ra nǹkan tí kò ní orúkọ.

Ẹ wo ohun tí wọ́n tẹ̀ sórí tíkẹ́ẹ̀tì tí wọ́n rà ní ṣọ́ọ̀bù. Nọ́ńbà tí ẹni náà yàn wà níbẹ̀, ọjọ́ tí wọn yóò fa nọ́ńbà wà níbẹ̀, bẹ́ẹ̀ náà ni nọ́ńbà gígùn kan tí kò sí irú rẹ̀ lórí tíkẹ́ẹ̀tì mìíràn. Kọ̀ǹpútà àjọ lọ́tìrì mọ ẹ̀rọ tó tẹ̀ ẹ́ jáde, ó mọ ṣọ́ọ̀bù tí ẹ̀rọ náà wà, ó mọ ìṣẹ́jú tí wọ́n tẹ̀ ẹ́. Ẹni tó nà ọwọ́ gbà á nìkan ni kò mọ̀. Títí di ìgbà tí ẹnì kan bá kọ orúkọ sẹ́yìn rẹ̀, bí owó bébà ló rí: ọwọ́ tó bá wà, ẹni tó ni ọwọ́ náà ló ni ín.

Nítorí náà, òfin kò lè jókòó sójú kan ṣoṣo. Ó pín ara rẹ̀ sí mẹ́ta: títà, rírà àti gbígba owó. Ti títà wà níbi gbogbo: ẹni tó ní ṣọ́ọ̀bù kò gbọdọ̀ tà fún ẹni tí ọjọ́ orí rẹ̀ kò tó, ó sì lè pàdánù ìwé àṣẹ rẹ̀ bó bá ṣe bẹ́ẹ̀. Àwọn ìpínlẹ̀ kan tilẹ̀ máa ń rán ọ̀dọ́ lọ dán ọlọ́jà wò. Ti rírà kò dọ́gba: ní California àti Texas, ọmọ tó rà á náà ti dẹ́ṣẹ̀ lójú òfin. Ti gbígba owó ló jinlẹ̀ jù, nítorí ibẹ̀ ni tíkẹ́ẹ̀tì aláìlórúkọ ti pàdé ènìyàn tó ní orúkọ. Ní ọ̀pọ̀ ìpínlẹ̀, ṣọ́ọ̀bù lè san ẹ̀bùn tí kò ju nǹkan bí $600 lọ lójú ẹsẹ̀. Bó bá ti ju bẹ́ẹ̀ lọ, ó di kí ènìyàn kọ fọ́ọ̀mù sí àjọ lọ́tìrì, kó sì fi ìwé ìdánimọ̀ tì í. Bí owó náà bá wá tóbi gan-an, wọ́n á padà sí ìṣẹ́jú tí kọ̀ǹpútà ti kọ sílẹ̀, wọ́n á sì béèrè àwòrán kámẹ́rà ṣọ́ọ̀bù náà.

Òfin California sọ ọ́ ní kedere pé wọn kò gbọdọ̀ tà fún ẹni tí kò tó 18, wọn kò sì gbọdọ̀ san ẹ̀bùn fún un. Lọ́dún 2016, bàbá kan rán ọmọ rẹ̀ ẹni ọdún 16 ní ìlú Long Beach pé kó lọ ra tíkẹ́ẹ̀tì tí wọ́n ń ha láti mọ̀ bóyá ó jẹ. Ọ̀kan nínú wọn jẹ mílíọ̀nù márùn-ún dọ́là. Bàbá lọ gba owó. Àjọ náà wádìí, wọ́n rí i pé ọmọ ló rà á, wọ́n ní kò sówó. Ọ̀rọ̀ di ti ilé ẹjọ́. Lójú ẹni tó mọ ohun tí à ń pè ní iṣẹ́ rírán, bàbá ló ra tíkẹ́ẹ̀tì yẹn, ẹsẹ̀ tó rìn lásán ni ọmọ. Òfin California kò mọ ẹsẹ̀ yàtọ̀ sí ẹni tó ni ín.

Ọgbọ́n wà nínú rẹ̀, kò ṣeé sẹ́. Bí ọmọdé bá mọ̀ pé òun kò ní rí owó ńlá gbà láéláé, kí ló ń rà á fún? Ìlẹ̀kùn ẹ̀yìn ni wọ́n tì, kò sídìí láti máa ṣọ́ iwájú tọ̀sán-tòru. Ṣùgbọ́n ẹ wo apá kejì. Ọmọ tó ra ogún tíkẹ́ẹ̀tì tí ìkankan kò jẹ, kò sẹ́ni tó ń wo kámẹ́rà nítorí tirẹ̀. Owó rẹ̀ ti wọ àpò ìpínlẹ̀, ibẹ̀ ló sì máa wà. Ọjọ́ tí ọ̀kan bá jẹ nìkan ni wọ́n máa ń rántí ọjọ́ orí rẹ̀. Bí ọjà tí a tà fún ọmọdé kì í bá ṣe ọjà, kò yẹ kó jẹ́ ọjà lọ́jọ́ tó pàdánù, kó wá di àìtọ́ lọ́jọ́ tó jèrè.

Ti fífi tíkẹ́ẹ̀tì ta ọmọdé lọ́rẹ tún yani lẹ́nu ju èyí lọ. Òfin New York kò gbà kí wọ́n tà fún ẹni tí kò tó 18, ṣùgbọ́n òfin kan náà sọ pé àgbàlagbà lè rà á láti fi ta ẹni tí kò tó bẹ́ẹ̀ lọ́rẹ. Texas náà gbà bẹ́ẹ̀. Bí irú tíkẹ́ẹ̀tì yẹn bá jẹ, ẹbí tó jẹ́ àgbà tàbí alágbàtọ́ ló máa ń gba owó náà lórúkọ ọmọ. Èyí ni pé ohun tí ọmọ kò gbọdọ̀ fi dọ́là méjì tirẹ̀ rà, bàbá àgbà lè dì í sínú bébà Kérésìmesì fún un. Lọ́dọọdún, nígbà ọdún Kérésìmesì, ẹgbẹ́ tó ń gbógun ti tẹ́tẹ́ tó ti di bárakú àti Yunifásítì McGill ní Kánádà máa ń ṣe ìpolongo pé kí wọ́n má fi tíkẹ́ẹ̀tì lọ́tìrì ṣe ẹ̀bùn fún ọmọdé, àwọn àjọ lọ́tìrì ìpínlẹ̀ sì máa ń dara pọ̀. Àjọ náà ń bẹ̀bẹ̀ pé kí ẹ má ṣe ohun tí òfin ìpínlẹ̀ fúnra rẹ̀ ní kò burú.

Ti ẹ̀rọ tó ń dá tíkẹ́ẹ̀tì tà láìsí ẹni tó dúró tì í ńkọ́? Ẹ̀yìn láísẹ́ǹsì ìwakọ̀ Amẹ́ríkà ní àmì kan tó dà bí ìyẹ̀pẹ̀ dúdú tí wọ́n fọ́n sórí bébà funfun. Ọjọ́ ìbí ẹni tó ni ín wà nínú rẹ̀. Níbi tí wọ́n bá ti ń lò ó, ẹ̀rọ á ka àmì náà, á yọ ọdún kúrò nínú ọdún, á sì pinnu. Kì í wo ojú ẹnikẹ́ni. Láísẹ́ǹsì ẹ̀gbọ́n á ṣí i fún àbúrò, ẹ̀rọ kò sì ní fura. Obìnrin tó dúró sẹ́yìn káńtà ì bá ti bi í pé ọmọ ta ni.

Orí íntánẹ́ẹ̀tì ni ìṣirò ti yí padà. Ní òpin ọdún 2011, Ilé Iṣẹ́ Ìdájọ́ Amẹ́ríkà sọ pé òfin àpapọ̀ tó de títa tẹ́tẹ́ lórí wáyà tẹlifóònù àti irú rẹ̀, ti eré ìdárayá nìkan ló ń bá wí. Illinois bẹ̀rẹ̀ sí í ta lọ́tìrì lórí íntánẹ́ẹ̀tì lóṣù kẹta ọdún 2012, àwọn mìíràn sì tẹ̀ lé e. Níbẹ̀, ènìyàn á kọ́kọ́ forúkọ sílẹ̀, wọ́n á fi orúkọ àti ọjọ́ ìbí rẹ̀ wé àkọsílẹ̀, fóònù á sì sọ ibi tó wà kí wọ́n lè mọ̀ pé kò tíì kọjá ààlà. Tíkẹ́ẹ̀tì ti ní orúkọ kí wọ́n tó sanwó rẹ̀. Ọ̀pọ̀ òbí ló ń bẹ̀rù íntánẹ́ẹ̀tì ju ṣọ́ọ̀bù lọ nínú ọ̀rọ̀ yìí, nígbà tó jẹ́ pé ṣọ́ọ̀bù ni tíkẹ́ẹ̀tì aláìlórúkọ wà.

Ká padà sọ́dọ̀ ọmọ ọdún 18 wa létí odò. Ó ti ra Powerball rẹ̀ ní North Sioux City, ó sì ti gba orí afárá padà sílé ní Iowa pẹ̀lú tíkẹ́ẹ̀tì nínú àpò. Bọ́ọ̀lù pupa, èyí tí wọ́n ń pè ní Powerball gan-an, nìkan ló bá nọ́ńbà rẹ̀ mu, ìyẹn sì jẹ́ dọ́là mẹ́rin. Ẹ̀rọ tó wà ní ṣọ́ọ̀bù ìtòsí ilé rẹ̀ kò ní san án. Kì í ṣe nítorí ọjọ́ orí rẹ̀ rárá: ìpínlẹ̀ tó ta tíkẹ́ẹ̀tì ló ń san ẹ̀bùn rẹ̀, bàbá rẹ̀ ẹni àádọ́ta ọdún gan-an kò lè rí i gbà níbẹ̀. Yóò ní láti tún sọdá Big Sioux nítorí dọ́là mẹ́rin.