Kalyi Jag: Bí Iná Dúdú Ṣe Ràn ní Budapest

Orin tí ọ̀pọ̀ èèyàn mọ̀ sí orin Jípísì ni èyí tí àwọn onígòjé òyìnbó ń ta nílé oúnjẹ ní Budapest, olú ìlú Húngárì, tí wọ́n ń ti orí tábìlì kan bọ́ sí òmíràn. Lọ́dún 1859, Franz Liszt, akọrin-sílẹ̀ ọmọ Húngárì, kọ̀wé pé àwọn Roma, ìyẹn àwọn tí wọ́n ń pè ní Jípísì, ló ni ín. Béla Bartók, akọrin-sílẹ̀ Húngárì mìíràn tó rin abúlé kiri láti gba orin sílẹ̀, já ọ̀rọ̀ náà ní koro. Ó ní orin àwọn ará Húngárì ni àwọn Roma fi ń ṣiṣẹ́ oúnjẹ òòjọ́, pé orin tiwọn gan-an wà lọ́tọ̀ lábúlé.

Orin ọ̀tọ̀ yẹn, àti Kalyi Jag, ẹgbẹ́ olórin Roma tó ń kọ ọ́, ló wù mí láti sọ̀rọ̀ lé lórí. Romani, èdè àwọn Roma, ni wọ́n fi ń kọ ọ́. Loki djili ni orin pẹ̀lẹ́, tí wọ́n fi ń sọ ìnira, ẹ̀wọ̀n àti òfò. Khelimaski djili ni orin ijó. Wọn kì í lo ohun èlò orin gidi fún un tẹ́lẹ̀, ẹnu àti ohun èlò inú ilé ni wọ́n fi ń ṣe é. Ẹnìkan á máa fi ọ̀fun gbé ohùn ìsàlẹ̀ tó ń dún kíkankíkan, ẹlòmíràn á máa yí ahọ́n sí ọ̀rọ̀ tí kò ní ìtumọ̀, kí ẹsẹ̀ oníjó lè rí nǹkan tẹ̀ lé. Agolo ìpọnmi onírin ni ìlù, ṣíbí méjì sì ń dáhùn. Ẹni tó bá ti rí bí àwọn ìyá wa ṣe ń lu igbá níbi ìgbéyàwó yóò mọ̀ pé ìlù dídùn kò dìgbà awọ.

Ìyà jẹ èdè yìí púpọ̀. Lọ́dún 1783, Ọba Joseph Kejì, tó ń ṣàkóso Húngárì nígbà náà, fòfin de èdè Romani, ó sì ní kí wọ́n na ẹni tó bá sọ ọ́ ní pàṣán 24. Lọ́dún 1961, ẹgbẹ́ òṣèlú Kọ́múníìsì tó ń ṣèjọba pinnu pé àwọn Roma kì í ṣe ẹ̀yà kan tó dá dúró. Àwọn ọkùnrin abúlé ń rọ́ wá sí Budapest láti kọ́lé fún ìjọba, wọ́n ń sùn sí ilé àwọn òṣìṣẹ́, orin ilé sì bá wọn dé ibẹ̀.

Lọ́dún 1978 ni Gusztáv Varga àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀, ọmọ ẹkùn Szabolcs-Szatmár ní àríwá ìlà-oòrùn Húngárì, dá ẹgbẹ́ Kalyi Jag sílẹ̀. Kalyi ni dúdú, jag ni iná. Ní 1979, wọ́n gba oyè Ọ̀dọ́ Ọ̀gá Iṣẹ́ Ọnà Ìbílẹ̀. Àwo wọn àkọ́kọ́ jáde nílé iṣẹ́ agbáwo-orin-jáde Hungaroton ní 1987. Wọ́n fi gìtá àti màǹdólínì kún un, àwọn kan lè sọ pé ìyẹn ti ba ojúlówó jẹ́. Èmi ò gbà bẹ́ẹ̀, nítorí agolo àti ohùn ọ̀fun ṣì ni òpó tó gbé gbogbo rẹ̀ ró, èdè Romani náà kò sì kúrò lẹ́nu wọn.

Ẹgbẹ́ mìíràn tẹ̀ lé wọn, Ando Drom lára wọn ní 1984. Àwọn Roma lábúlé sì bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ orin láti inú kásẹ́ẹ̀tì Kalyi Jag, wọ́n ń kọ ọ́ nínú àríyá wọn. Varga tún dá ilé ẹ̀kọ́ gíramà kan sílẹ̀ ní Budapest, ó fi orúkọ ẹgbẹ́ náà pè é, níbi tí àwọn ọmọ Roma ti ń kọ́ èdè tí Joseph Kejì ní kí wọ́n fi pàṣán lé kúrò lẹ́nu wọn.