Ta ni Lẹ̀gbà tí wọ́n mọ sẹ́nu ọ̀nà n'Àgbádárìgì?

Tẹ́ ẹ bá rìn wọ àwọn agbolé Ègùn àtijọ́ n'Àgbádárìgì, ẹ lè rí amọ̀ kan tí wọ́n mọ jókòó sẹ́nu ọ̀nà, òmíì lójú lẹ́nu, òmíì kàn rí gelete báyìí, epo pupa tí wọ́n ti ń dà sí i lórí látọjọ́ pípẹ́ ti dì mọ́ ọn lára, ìyẹ́ adìẹ wá lẹ̀ mọ́ epo yẹn. Lẹ̀gbà nìyẹn. Ti agbolé wà, ti ọjà wà, ti ìlú náà wà. Ọ̀pọ̀ èèyàn tó bá ti rí i, "ẹ̀jẹ̀ Jésù" ló máa kọ́kọ́ jáde lẹ́nu wọn, torí wọ́n ti sọ fún wọn pé Èṣù ni, Bíbélì Yorùbá sì ti fi Èṣù pe Sátánì tipẹ́. Òun àti Èṣù Ẹlẹ́gbára tiwa tan lóòótọ́, ìyẹn ò níjà nínú. Ṣùgbọ́n tí wọ́n bá ní kẹ́ ẹ sọ iṣẹ́ ẹ̀ gan-an, ẹ sọ pé ògbufọ̀ ni.

Bí wọ́n ṣe ń pa á nítàn ní Dàhómì nìyí, ìyẹn Benin tòní, níbi táwọn ìbátan Ègùn wa wà. Màwú tó jẹ́ ìyá àwọn vòdún, ìyẹn òrìṣà wọn, pín ayé fáwọn ọmọ ẹ̀. Sàkpátá gba ilẹ̀, òun làwa ń pè ní Ṣọ̀pọ̀ná, Sógbó gba òkè níbi tí ààrá ti ń sán, Agbè gba òkun, Àgẹ́ gba igbó àti ẹran inú ẹ̀, Gù gba irin. Ó wá fún kálukú lédè tiẹ̀ tó máa máa sọ níbi tó ti ń jọba. Ó ku Lẹ̀gbà. Àbíkẹ́yìn, ọmọ àkẹ́jù, ìyá ò fún un níbì kankan, ó ní kó dúró ti òun, kó máa lọ yí ká ọ̀dọ̀ àwọn ẹ̀gbọ́n ẹ̀ kó máa wá jábọ̀. Nígbà tó yá àwọn ẹ̀gbọ́n ò gbọ́ ara wọn mọ́, wọn ò tún gbọ́ ti ìyá wọn, ẹni tí ò jogún nkankan yẹn nìkan ló gbọ́ gbogbo ẹ̀.

Ẹ wá wò ó o, òkun ò lè bá ilẹ̀ sọ̀rọ̀, ilẹ̀ ò lè bá òjò sọ̀rọ̀, àfi tẹ́nìkan bá gbé ọ̀rọ̀ wọn lọ gbé e bọ̀. Ọ̀rọ̀ tó ń gbé kiri yẹn layé fi tò. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ti kọjá ní bọ́dà Seme mọ irú ẹ̀, bọ̀bọ́ tó gbọ́ Ègùn, Yorùbá, Faransé, tó dúró sáàrin ẹ̀yin àti ọlọ́jà, á ní sèfà 5,000 lonítọ̀hún pè é, ẹ ò lè mọ̀ bóyá 3,000 ló pè é.

Lẹ̀gbà ṣe é rí. Sàkpátá àti Sógbó ń jà, Sàkpátá bínú kó ẹrù ẹ̀ sọ̀kalẹ̀ wá sáyé, ni Lẹ̀gbà bá lọ sọ fún Màwú pé omi ti ń tán lókè, bí wọ́n ṣe pàṣẹ pé kójò má rọ̀ mọ́ nìyẹn. Ilẹ̀ gbẹ, ebi ń pa aráyé. Lẹ̀gbà kan náà ló tún rán ẹyẹ kan tó ń jẹ́ Wututu sí Sàkpátá pé kó dá iná ńlá kí èéfín ẹ̀ gòkè, òun fúnra ẹ̀ wá sáré lọ bá ìyá ẹ̀, ó ní iná ayé fẹ́ jó òkè o, ẹ jẹ́ kójò rọ̀ kíá. Òjò rọ̀. Wututu wá ń gbé láyé látìgbà yẹn, tóoru bá pọ̀ jù, á ké sókè. Lẹ̀gbà ló dá wàhálà yẹn sílẹ̀, òun náà ló parí ẹ̀, ẹnu nìkan ló sì lò.

Fá pàápàá, ìyẹn Ifá wa, ò lè dá ṣe é. Wọ́n ní ojú 16 ló ní, orí ọ̀pẹ ló ń gbé lókè, àràárọ̀ sì ni Lẹ̀gbà máa ń gun ọ̀pẹ yẹn lọ bá a ṣí i. 16 yẹn náà lojú odù táwọn bokọ́nọ̀, ìyẹn babaláwo wọn, ń lò, 16 lọ́nà 16 ló ń di 256.

Torí ẹ̀ ni wọ́n ṣe ń kọ́kọ́ fún un ní tiẹ̀ kí wọ́n tó bọ vòdún míì. Tẹ́ ò bá fún un, ta ló fẹ́ bá yín gbé ọ̀rọ̀ débẹ̀? Àwọn tí wọ́n kó lẹ́rú láti etíkun apá ibí gbé e dé Haiti, Papa Legba ni wọ́n ń pè é lọ́hùn-ún, òun náà ni wọ́n sì ń kọ́kọ́ pè kó ṣí géètì. Ohun tó ń pa mí lẹ́rìn-ín ni pé gìrìpá ọ̀dọ́mọkùnrin ni ní Dàhómì, ìgbà tó máa fi dé Haiti ó ti di baba arúgbó tó ń tọ̀pá.

Ẹ má sì pè é ní Zàngbétò o, mo ń rí i káwọn èèyàn máa pò wọ́n pọ̀. Zàngbétò lèyí tó wọ ìko látòkè délẹ̀ tó ń pòyì, ọdẹ òru àwọn Ègùn ni, iṣẹ́ tiẹ̀ ni kó máa ṣọ́ ìlú kí olè má bàa jà.