Kí ẹ tó wá gba pẹ̀mí (ìwé àṣẹ ìwakọ̀), ẹ yẹ ìwé ìbí yín wò

Ní ọjọ́ Ajé kan, mi ò tíì ṣí ilẹ̀kùn yàrá ìkẹ́kọ̀ọ́ ọkọ̀ wa ní Kétu, ní orílẹ̀-èdè Benin, tán tí mo fi rí ọmọkùnrin kan lórí bẹ́ǹṣì níta, ó ti ń dúró dè mí. Ó dọ̀bálẹ̀, ó ní, “Ọ̀gá, ẹ káàárọ̀. Pẹ̀mí ni mo fẹ́ gbà. Ní ti ọkọ̀, mo mọ̀ ọ́n wà.” Mo gbà á gbọ́. Láti kékeré ló ti ń fi Peugeot 404 akẹ́rù bàbá rẹ̀ kó àgbàdo wálé láti oko. Oníṣòwò kan sì ti ní kó wá máa wa ọkọ̀ òun ní gbàrà tí pẹ̀mí bá ti tẹ̀ ẹ́ lọ́wọ́.

Mo ní kó kó ìwé rẹ̀ jáde. Ó tú láílọ́ọ̀nù dúdú, ó sì to ìwé méjì sórí tábìlì. Lórí ìwé ìbí, Odjo ni wọ́n kọ. Lórí ìwé ìdánimọ̀ tí à ń pè ní CIP, Ojo ni wọ́n kọ. Mo fi ìka kan lẹ́tà d náà. Ó wò ó, ó rẹ́rìn-ín: “Ọ̀gá, Òjó kan náà ṣáà ni.”

Lẹ́nu èmi àti òun, bẹ́ẹ̀ ni. Ọmọkùnrin tó gbé ìwọ́ kọ́rùn wáyé, ta ni kò mọ̀ pé Òjó ni? Ẹ̀rọ ni kò mọ ìwọ́, tí kò mọ ọrùn. Ènìyàn méjì ni Odjo àti Ojo lójú rẹ̀, dósíẹ̀ (fáìlì ìwé) tí ènìyàn méjì bá sì wà nínú rẹ̀ kì í rìn. Láti ìgbà tí mo ti ń kọ́ ènìyàn ní ọkọ̀, àwọn tí mo rí tí ìwé dá dúró pọ̀ ju àwọn tí ìdánwò dá dúró lọ.

Ẹ jẹ́ kí n sọ ẹni tó ń ṣe iṣẹ́ wo. Ilé ẹ̀kọ́ ọkọ̀, auto-école, kì í fúnni ní pẹ̀mí. Iṣẹ́ tiwa ni ká kọ́ yín, ká bá yín to dósíẹ̀, ká sì mú yín dé ibi ìdánwò. ANaTT, àjọ ìjọba tó ń bójú tó ìrìnnà orí ilẹ̀, ló ń ṣe ìdánwò, òun ló sì ń fúnni ní káàdì. Àwọn àgbà awakọ̀ ṣì ń pè é ní CNSR, orúkọ àjọ tó ń ṣe iṣẹ́ náà tẹ́lẹ̀. Ẹ má jẹ́ kó rú yín lójú. Àjọ kejì ni ANIP, tó ń tọ́jú orúkọ, ọjọ́ ìbí àti àwòrán gbogbo wa lábẹ́ òfin ìdánimọ̀ ti Oṣù Kẹfà 2017. Òun ló ń fúnni ní NPI, nọ́mbà tó ní òǹkà 10, tó jẹ́ tiyín títí ayé. Nọ́mbà yẹn ni wọ́n fi ń pe gbogbo ohun tó bá jẹ́ tiyín jáde nínú ẹ̀rọ.

Mo ní láti fi kún un pé, láti 30 Oṣù Kọkànlá 2024 tí wọ́n ti fi 01 ṣáájú nọ́mbà fóònù wa, òǹkà 10 ni fóònù náà ń jẹ́. Ẹ̀ẹ̀melòó ni mo ti bi ènìyàn ní NPI rẹ̀ tó ka nọ́mbà fóònù fún mi! Tó bá ti fi òdo-kan bẹ̀rẹ̀, mo ti mọ̀ pé ká tún wá a.

Báwo ni Òjó ṣe di méjì? Akọ̀wé mẹ́rì, ilé iṣẹ́ ìjọba ìbílẹ̀, tó kọ ìwé ìbí fi etí Faransé gbọ́ orúkọ. Adéṣínà di Adéchina lọ́wọ́ rẹ̀, Àjàyí di Adjayi, Ṣàbí àwọn ará Sábẹ̀ di Chabi. Nígbà tó wá di ìkànìyàn RAVIP, tí wọ́n fi kó orúkọ wa sínú ẹ̀rọ láàárín 2017 sí 2018, ẹlòmíràn ló jókòó ti ẹ̀rọ. Ọ̀pọ̀ ni kò mú ìwé ìbí dání lọ́jọ́ náà, wọ́n fi ẹnu sọ orúkọ ni, ẹni tó ń kọ ọ́ sì kọ ohun tó gbọ́. Ẹ rántí pé Ìlárá, lẹ́nu ààlà Nàìjíríà, kò jìnnà sí wa, ibẹ̀ sì ni wọ́n ti ń kọ Ajayi àti Adesina láìsí d, láìsí ch. Ọmọ tó lọ síléèwé fún ọdún mẹ́ta ní òdìkejì ààlà á padà wálé pẹ̀lú sípẹ́lì ọ̀hún.

Èyí tó tún burú ju sípẹ́lì lọ ni ipò orúkọ. Fọ́ọ̀mù Faransé á béèrè nom, orúkọ ìdílé, á béèrè prénom, orúkọ ẹni fúnra rẹ̀. Nínú ilé wa, ọmọ bàbá kan náà lè jẹ́ orúkọ mẹ́rin, kò sì sí èyí tó jẹ́ “ti ìdílé” nínú rẹ̀. Mo ti rí tẹ̀gbọ́n-tàbúrò, ìyá kan, bàbá kan, tí ọ̀kan ń jẹ́ orúkọ bàbá bàbá wọn, tí èkejì ń jẹ́ orúkọ bàbá fúnra rẹ̀. Ìyẹn kì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀. Ohun tí ẹ óò ṣọ́ ni pé ọ̀rọ̀ tó wà níwájú nom lórí ìwé kan, òun náà ni kó wà níwájú nom lórí gbogbo ìwé yòókù. Ẹ̀yin ìyá wa, orúkọ tí wọ́n bí yín sí ni kí ẹ lò. Orúkọ ọkọ tí gbogbo ọjà mọ̀ yín sí kò sí lórí ìwé ìbí.

Bí ẹ bá rí àṣìṣe, ẹ kọ́kọ́ béèrè ibi tó ti wá. Tó bá jẹ́ pé ìwé ìbí tọ̀nà, tó jẹ́ ọ̀dọ̀ ANIP ni wọ́n ti ṣì í kọ, ANIP náà ni kí ẹ mú ìwé ìbí lọ bá kí wọ́n tún un ṣe. Ìyẹn ni èyí tó rọrùn. Tó bá jẹ́ ìwé ìbí gan-an ló ní àṣìṣe, mẹ́rì kò lè fi bíírò pa á rẹ́, ilé ẹjọ́ ni. Fún àwa ará Kétu, Pọ́bẹ̀ ni ilé ẹjọ́ náà wà. Àwọn ará Àjàṣẹ́ (Porto-Novo) ní tiwọn nínú ìlú. Ẹni tí kò ní ìwé ìbí rárá, ilé ẹjọ́ náà ló ń fúnni ní ìdájọ́ tó ń dípò rẹ̀, jugement supplétif, pẹ̀lú ẹlẹ́rìí. Ẹ má ṣe gba ìwé ìbí kejì ní ìlú mìíràn nítorí pé èkíní ní àṣìṣe. Ìmọ̀ràn yìí pọ̀ lẹ́nu àwọn èèyàn, ó sì burú jáì, torí ẹni méjì náà lẹ tún dà nínú ẹ̀rọ yẹn.

Àwọn àgbà kan wà tí ìwé wọn sọ pé né vers, ìyẹn ni pé a bí wọn ní nǹkan bí ọdún báyìí. Bàbá tèmi wà lára wọn; ohun tó mọ̀ ni pé wọ́n bí òun nígbà ìkórè iṣu. Tó bá rí bẹ́ẹ̀, ohun tí ANIP kọ sílẹ̀ ni kí ẹ máa kọ níbi gbogbo. Ẹ má ṣe fi ọjọ́ tí àwọn ọmọ yín ń ṣe ọjọ́ ìbí fún yín sí i.

Tí ìwé bá ti dọ́gba, ìyókù kò le. CIP àti NPI, ìwé ìbí, fọ́tò, ìwé dókítà, owó ìdánwò pẹ̀lú rìsíìtì. Ẹ béèrè lọ́wọ́ auto-école yín ohun tí wọ́n ń gbà fún irú pẹ̀mí tí ẹ̀ ń wá. Kí wọ́n sì kọ ọ́ sórí bébà fún yín: èwo ni owó ẹ̀kọ́, èwo ni owó dósíẹ̀, iye ìgbà tí ẹ óò jókòó sínú ọkọ̀. Ilé ẹ̀kọ́ tó bá ní òun kò lè kọ ọ́, ẹ dìde níbẹ̀.

Ní ti irú pẹ̀mí, ẹni tí yóò wa mọ́tò ilé nílò B, ó sì gbọ́dọ̀ ti pé ọdún 18. B kò kọjá ìjókòó 9, awakọ̀ wà nínú rẹ̀, kò sì kọjá tọ́ọ̀nù mẹ́ta àbọ̀. Alùpùpù wà lábẹ́ A. Akẹ́rù tó bá wúwo ju ìyẹn lọ, C. Bọ́ọ̀sì tó ń kó èrò láti Kétu lọ Kútọnu, D. Mo ń tẹnu mọ́ D nítorí àwọn tó ń fi B wa bọ́ọ̀sì tó ní ju ìjókòó 9 lọ, tí wọ́n rò pé pẹ̀mí ṣáà ni pẹ̀mí. Ọjọ́ tí nǹkan bá ṣẹlẹ̀, ìwé yẹn ni ilé iṣẹ́ adójútòfò yóò kọ́kọ́ béèrè.

Ẹ lọ wo ojú yín kí ẹ tó san owó ẹ̀kọ́. Màmá kan tó ń ta gàrí wá kọ́ ọkọ̀ lọ́dọ̀ wa, ọlọ́gbọ́n ènìyàn, ó sì ń ṣi gbogbo àmì. A rò pé Faransé ni kò yé e. Ní ọjọ́ kan mo ní kó ka ohun tí wọ́n kọ sára ògiri ilé ìdìkejì. Ó ní, “Ọmọ mi, ṣé nǹkan wà lára ògiri yẹn ni?” Àwòjú ló gbà á. Wọ́n á kọ àwòjú náà sórí pẹ̀mí yín, ẹ ó sì máa fi í wakọ̀.

Ìdánwò pín sí méjì, code, ìyẹn òfin ojú ọ̀nà, àti ìwakọ̀ gan-an. Àwọn tó ti ń wakọ̀ láti kékeré, code ló ń gbé wọn ṣubú. Mo máa ń bi wọ́n: ẹ dé oríta tí kò ní àmì kankan, ìwọ wà nínú akẹ́rù, ẹnì kan ń bọ̀ láti ọwọ́ ọ̀tún lórí alùpùpù gbígbó, ta ni yóò kọ́kọ́ kọjá? Wọ́n á ní akẹ́rù, nítorí pé òun ló tóbi. Alùpùpù ni. Ẹni tó bá wá láti ọwọ́ ọ̀tún ló ni ọ̀nà. Òmíràn tún wà nínú èdè. “Dúró” ni àwa ń lò fún ohun méjì tí Faransé yà sọ́tọ̀. Arrêt ni ìdúró ìgbà díẹ̀, kí èrò sọ̀ kalẹ̀, kí ẹrù bọ́, tí awakọ̀ kò sì kúrò nídìí ọkọ̀. Stationnement ni kí ẹ gbé ọkọ̀ síbẹ̀, kí ẹ máa lọ. Àmì wà tó gba ọ̀kan láyè tó sì ka èkejì léèwọ̀. Ẹni tó bá ti ní “dúró” nìkan lórí á ṣi ìbéèrè yẹn ní gbogbo ìgbà. Bẹ́ẹ̀ náà ni STOP onígun mẹ́jọ àti onígun mẹ́ta tó dorí kodò: níbi STOP, táyà gbọ́dọ̀ dúró pátápátá, bí ènìyàn kankan kò tilẹ̀ bọ̀; níbi èkejì, ẹ lè rọra kọjá bí ọ̀nà bá dá. Ẹ kọ́ àwọn ọ̀rọ̀ Faransé wọ̀nyí, ì báà jẹ́ àwọn nìkan lẹ óò gbọ́. Ní ti ìwakọ̀, gbígbé ọkọ̀ sáàárín ọkọ̀ méjì àti gbígbéra lórí gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ ni kí ẹ fi àsìkò tì. Àwọn ará Sábẹ̀ tí wọ́n ń wo òkè láràárọ̀ ń fojú kéré èkejì, ẹ̀yìn wọn náà sì ni ọkọ̀ ń gbà sá.

Ẹnì kan yóò wá bá yín pé òun mọ ènìyàn nínú, pé kí ẹ san owó kí ẹ má jókòó ìdánwò. Ọkùnrin kan tí mo mọ̀ dáadáa ṣe bẹ́ẹ̀. Káàdì rẹ̀ ń dán ju tèmi lọ. Ó fi í wakọ̀ títí ó fi rí iṣẹ́ gidi, tí àwọn tó fẹ́ gbà á síṣẹ́ ní kó lọ gba authentification, ìwé tó ń jẹ́rìí pé pẹ̀mí náà kì í ṣe ayédèrú. Nọ́mbà rẹ̀ kò sí nínú àkọsílẹ̀ rárá. Iṣẹ́ lọ, owó lọ, òun náà sì wá jókòó sórí bẹ́ǹṣì mi.

Ẹni tó bá ti ní pẹ̀mí Nàìjíríà kò ní láti bẹ̀rẹ̀ láti òdo. Ẹ lọ béèrè nípa pàṣípààrọ̀ ní ANaTT, kí orúkọ tó wà lórí rẹ̀ bá ti NPI mu o, níbẹ̀ ni ch àti d tún ti ń padà wá. Ẹ sì rántí pé pẹ̀mí nìkan kọ́ ni ọlọ́pàá yóò béèrè lójú ọ̀nà. Ọkọ̀ ní ìwé tirẹ̀: carte grise (ìwé ìforúkọsílẹ̀ ọkọ̀), adójútòfò, àyẹ̀wò ọkọ̀, owó orí TVM. Tí ẹ bá fẹ́ gba Ìlárá tàbí Ìgólò wọ Nàìjíríà, ẹ gba káàdì bíráwùn ti CEDEAO (ECOWAS), ẹ̀rí adójútòfò fún orílẹ̀-èdè mìíràn, lọ́dọ̀ ilé iṣẹ́ adójútòfò yín. Kútọnu gan-an ni wọ́n ti fọwọ́ sí àdéhùn rẹ̀ ní 29 Oṣù Karùn-ún 1982, síbẹ̀ ẹgbẹ̀rún awakọ̀ ń kọjá lọ láìmú un.

Ní ọjọ́ tí pẹ̀mí bá dé, ẹ ya fọ́tò iwájú àti ẹ̀yìn rẹ̀, kí ẹ fi ránṣẹ́ sí ẹnì kan tí ẹ fọkàn tán. Tó bá sọnù, nọ́mbà yẹn ni yóò mú duplicata, ẹ̀dà rẹ̀, yá. Ní ti Òjó wa, ó ti lọ Pọ́bẹ̀ ní ẹ̀ẹ̀mejì. Ìwé ìbí ni ó ní kí wọ́n bá òun tún ṣe, kó lè bá Ojo ti CIP mu, nítorí Ojo náà ló wà lórí ìwé ẹ̀rí iléèwé rẹ̀. Lọ́jọ́ Ajé àti Ọjọ́bọ̀, ó ń wá jókòó sí kíláàsì code, mi ò sì gba owó dósíẹ̀ lọ́wọ́ rẹ̀ títí ìwé ilé ẹjọ́ á fi jáde.