Ìlù tí wọ́n ń lù nínú fíìmù yẹn kọ́ lẹ̀ ń gbọ́

Fídíò dúdú-òun-funfun tí Duke Ellington, olórin jazz ará Amẹ́ríkà, àti báǹdì ẹ̀ ṣe ní 1941, èyí tí Ray Nance ti ń ta violin, táwọn èèyàn bá ti rí i lórí YouTube wọ́n á ní "ẹ wo bí wọ́n ṣe ń ṣe é live, kò sírú ẹ̀ mọ́." Live kẹ̀? Wọ́n ti gba orin yẹn sílẹ̀ ní sítúdíò kí wọ́n tó tan kámẹ́rà rárá. Lọ́jọ́ tí wọ́n ń ya fíìmù, orin á máa dún, onífèrè á máa ṣe bí ẹni ń fọn, Sonny Greer á máa ṣe bí ẹni ń lu ìlù, bí àwọn olórin wa náà ṣe ń lanu tẹ̀ lé orin nínú fídíò lónìí. Eléyìí tiẹ̀ pa mí lẹ́rìn-ín, torí Jam Session, ìyẹn kí àwọn olórin kàn kóra jọ kí wọ́n máa lù ú bó ṣe bá wá sí wọn lọ́kàn, ni wọ́n pe fíìmù yẹn, àṣé orin tí wọ́n ti ṣe tán ni wọ́n ń sá tẹ̀ lé.

Tí wọ́n bá ní káwọn gba ohùn àti àwòrán pọ̀ ni, gbogbo ìgbà tí kámẹ́rà bá kúrò níbì kan ni wọ́n á tún orin lù, èyí tí wọ́n lù kẹ́yìn ò sì ní bá ti àkọ́kọ́ mu. Torí náà ẹ̀yin tẹ́ ẹ máa ń dín eré fídíò yẹn kù kẹ́ ẹ lè kọ́ bí wọ́n ṣe ń gbé ọwọ́, ẹ rọra o. Ohùn yẹn tiwọn ni lóòótọ́, ọwọ́ yẹn ni mi ò lè ṣe onídùúró fún.

Àwọn míì rò pé tẹlifíṣàn ni wọ́n ṣe é fún. Rárá, Soundies ni wọ́n ń pè é, inú ẹ̀rọ Panoram tí Mills Novelty ti Chicago ṣe ló ti ń jáde, ní ilé ọtí àti òtẹ́ẹ̀lì. Láyé ìgbà yẹn, ẹ ju sẹ́ńtì 10 sí i, ẹ wo fíìmù kan, bíi ìṣẹ́jú 3. Fíìmù 8 ló wà lórí róòlù kan, ẹ ò sì lè yan èyí tó wù yín, èyí tó bá kàn lẹ máa wò.

Jígí ló ń gbé àwòrán dé ojú skrín nínú ẹ̀rọ yẹn, ìdí nìyẹn tí wọ́n fi tẹ fíìmù yẹn ní òdìkejì, kó lè tọ́ lójú ẹni tó ń wò ó. Ẹni tó bá wá dà á kọ láìyí i padà, gbogbo báǹdì á di ọlọ́wọ́ òsì, àwọn èèyàn á wá máa bára wọn jiyàn pé lágbájá ọwọ́ òsì ló fi ń ta gìtá. Ẹ wo kóòtù wọn jàre. Apá òsì ni àpò kékeré tó wà láyà kóòtù ọkùnrin máa ń wà, tẹ́ ẹ bá ti rí i lápá ọ̀tún lára gbogbo wọn, òsì fídíò yẹn ti di ọ̀tún nìyẹn.